Ràdíátọ̀ Carina mi ti là: ṣé mo lè pààrọ̀ rẹ̀ fúnra mi nínú àgbàlá?

Tíṣà Wandó

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin ará. Mo mọ̀ pé awakọ̀ àti mẹkáníìkì pọ̀ níbí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí. Carina E ni mo ń wà, ti 1997, oníbẹ́ńsíìnì, ọwọ́ là ń fi yí jíà rẹ̀. Ó ti tó ọ̀sẹ̀ mẹ́ta tí abẹ́rẹ́ ìgbóná ti ń gòkè bí mo bá bọ́ sínú sún-kẹẹrẹ fà-kẹẹrẹ. Bí ọ̀nà bá ti là, tí mo tẹ̀ ẹ́ dáadáa, á tún sọ̀kalẹ̀. Mo fojú fò ó. Lọ́jọ́bọ̀, bí mo ṣe ń ti Kutọnu bọ̀, ó ku díẹ̀ kí n dé orí afárá Àjàṣẹ́ (Porto-Novo), mo gbọ́ "fììì", èéfín funfun bo gíláàsì iwájú. Mo kọ́kọ́ rò pé iná ni. Nígbà tí mo ṣí kàpó, mo rí i pé orí ràdíátọ̀, níbi tí ike dúdú ti pàdé irin, ti là gbọọrọ bí ẹnu ọ̀nì.

Mẹkáníìkì kan wá wò ó, owó iṣẹ́ tó pè fẹ́rẹ̀ẹ́ tó owó ràdíátọ̀ fúnra rẹ̀. Oṣù yìí ni mo sì ń san owó ilé ìwé ọmọ mẹ́ta. Mo ní kílé (àwọn ará òdìkejì ibodè ń pè é ní sípánà), mo ní ẹ̀mú, mo ní ilẹ̀ tó tẹ́jú lábẹ́ igi máńgòrò. Ṣé ẹni tí kì í ṣe mẹkáníìkì lè ṣe iṣẹ́ yìí?

Ọmọ Ìfọ̀ńyìn

Tíṣà, ẹ pẹ̀lẹ́ o. Kí lẹ fẹ́ máa náwó sí? Ẹ ra gọ́ọ̀mù oníhà méjì yẹn, ẹ pò ó pọ̀, ẹ fi lẹ̀ ẹ́. Bó bá tún ń jò díẹ̀díẹ̀, ẹ da ata gígún ṣíbí kan sínú omi rẹ̀, tàbí kí ẹ fọ́ ẹyin méjì sí i. Bí bàbá mi ṣe ń ṣe Peugeot 504 tiwọn nìyẹn, wọ́n sì fi ń lọ Pọ́bẹ̀, wọ́n fi ń bọ̀.

Bàbá Onígáráàjì Kétu

Ọmọ Ìfọ̀ńyìn, mo kí ọ, mo sì kí bàbá rẹ. Ṣùgbọ́n ata, inú ọbẹ̀ ni tirẹ̀. Ràdíátọ̀ ayé ìgbà yẹn, bàbà àti idẹ ni wọ́n fi ṣe é. Bó bá jò, a ó fi òjé jó o, a ó sì máa lò ó lọ. Ti Carina kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Àárín rẹ̀ jẹ́ alumíníọ̀mù, orí àti ìdí rẹ̀ jẹ́ ike, eyín irin wẹ́wẹ́ ló gbá ike yẹn mú, tí rọ́bà tẹ́ẹ́rẹ́ kan sì wà láàárín wọn. Bí ọkọ̀ bá gbóná, ike á wú. Bó bá tutù, á sún kì. Gọ́ọ̀mù kì í bá a wú, kì í bá a sún kì. Ní ọjọ́ kẹta tàbí ìkẹrin, ẹ ó tún jọ pàdé lójú títì. Ní ti ata àti ẹyin, òótọ́ ni pé wọ́n lè dí ihò abẹ́rẹ́. Ohun tí wọn ò mọ̀ ni ìyàtọ̀ tó wà láàárín ihò tó ń jò àti ihò tí omi ń gbà kọjá. Mo ti tú ràdíátọ̀ tí ẹyin dí pa rí. Òórùn rẹ̀ kò jẹ́ kí n jẹun ọ̀sán ọjọ́ náà.

Tíṣà, ẹ lè ṣe é. Kì í ṣe iṣẹ́ awo. Ẹni tó bá lè tú kẹ̀kẹ́ ológeere, tó sì lè tò ó padà, àárọ̀ sí ọ̀sán ni yóò gbà á. Ṣùgbọ́n kí ẹ tó kó owó lé ẹnikẹ́ni lọ́wọ́, ẹ dá mi lóhùn: kí ló pa eléyìí tó kú? Ẹ ní inú sún-kẹẹrẹ ni abẹ́rẹ́ ti ń gòkè, bí ẹ bá ń sáré, á sọ̀kalẹ̀. Bí ọkọ̀ bá ń sáré, afẹ́fẹ́ ojú ọ̀nà ló ń tu ràdíátọ̀ lára. Bó bá dúró, fáànù nìkan ló kù. Ṣé fáànù yín ń yí?

Tíṣà Wandó

Bàbá, ẹ ṣeun gan-an. Kí n má purọ́, mi ò wò ó rí. Báwo ni mo ṣe fẹ́ mọ̀ báyìí tí omi ò sí nínú ọkọ̀?

Bàbá Onígáráàjì Kétu

Ẹ má tan ẹ́ńjìn yẹn láìsí omi, kódà fún ìṣẹ́jú kan. Ẹ yọ ẹnu wáyà fáànù, ẹ mú wáyà méjì, kí ẹ fa iná bátìrì tààrà sí i. Kí ọwọ́ yín, kí apá agbádá yín, má sún mọ́ ọn. Bó bá yí, ara fáànù le nìyẹn, ẹ lọ wá ẹ̀bi sídìí fíúsì, rìléè, wáyà, tàbí sẹ́ńsọ̀ tó ń sọ fún un pé omi ti gbóná. Bí kò bá yí, òun gan-an ló kú.

Bí ẹ bá ti wà níbẹ̀, ẹ fa igi tí a fi ń wọn epo ẹ́ńjìn yọ. Bí epo ibẹ̀ bá ti rí bí ẹ̀kọ mímu tí wọ́n da wàrà sí, omi ti wọnú epo nìyẹn, joint de culasse (ohun pẹlẹbẹ tó ń dí àárín orí ẹ́ńjìn àti ara rẹ̀) ti lọ, ẹ má tíì ra ràdíátọ̀ kankan. Ẹ ṣí ìdérí epo náà, ẹ wo abẹ́ rẹ̀.

Tíṣà Wandó

Mo ti ṣe é. Epo mọ́, ó dúdú díẹ̀ ni, kò sí wàrà níbẹ̀. Fáànù yí o! Ó yí débi pé gbogbo ewé máńgòrò tó wà lórí ẹ́ńjìn fò dànù, ọmọ mi obìnrin sì pariwo. Àmọ́ nígbà tí mo wo ẹnu wáyà tí mo yọ, ọ̀kan nínú ihò méjì rẹ̀ ti jó dúdú, ike rẹ̀ ti yọ́ bí àbẹ́là.

Bàbá Onígáráàjì Kétu

Ẹ̀n-ẹ́n. A ti mú olè. Ẹnu wáyà tó bá rọ̀, kì í jẹ́ kí iná kọjá dáadáa, ibẹ̀ á máa gbóná títí á fi jó. Fáànù ò yí, omi hó, agbára rẹ̀ pọ̀ ju ohun tí ike tó ti gbó lè gbé lọ, ó là. Ká ní ẹ gbé tuntun síbẹ̀ láìwo èyí, ẹ ò bá tún padà síbí láìpẹ́. Ẹ ra ẹnu wáyà tuntun, ẹ gé èyí tó jó kúrò títí ẹ ó fi dé ibi tí bàbà rẹ̀ ń dán, ẹ so ó pọ̀ kó le. Kó má jẹ́ lílọ́ lásán pẹ̀lú sẹlotéèpù.

Ìyá Onípíẹ̀sì

Ẹ kú iṣẹ́ o, Bàbá. Tíṣà, ẹ kú ìnáwó. Èmi ni mo ń ta ẹ̀yà ọkọ̀ níbí ní Àjàṣẹ́, mi ò ní sọ orúkọ ṣọ́ọ̀bù kí wọ́n má bàa ní mo wá polówó. Ohun tó ń dá ìjà sílẹ̀ láàárín èmi àti oníbàárà ni kí ẹnì kan dúró lórí ọ̀kadà kó ní "Ìyá, ẹ fún mi ní ràdíátọ̀ Carina." Carina wo? Ẹ́ńjìn mélòó? Ti ọwọ́ ni àbí ọ̀tómátíìkì? Ti ọ̀tómátíìkì ní ẹnu kékeré méjì nísàlẹ̀ tí epo jíà ń gbà kọjá. Ti ọwọ́ kò ní in. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbé òkú yẹn dání wá. Ẹ tẹ́ ẹ sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ tuntun, kí ẹ wò ó bí ẹni ń wo ìbejì: ẹnu òkè, ẹnu ìsàlẹ̀, bí wọ́n ṣe fẹ̀ tó, ibi tí fáànù ń dè mọ́, ihò sẹ́ńsọ̀ bó bá ní, èèkàn méjì tó ń jókòó sórí rọ́bà nísàlẹ̀. Ẹ wo bó ṣe nípọn tó pẹ̀lú. Ọkùnrin kan wá lẹ́ẹ̀mẹta sọ́dọ̀ mi nínú ọjọ́ kan ṣoṣo, torí pé ó fi ọwọ́ rẹ̀ wọn tilé.

Ẹ ra ìdérí ràdíátọ̀ tuntun. Kò wọ́n, ṣùgbọ́n òun ni ọ̀gá. Nọ́ńbà kan wà lórí rẹ̀, 0.9 tàbí 1.1, ìyẹn ni bí agbára tó ń dì mọ́nú ṣe pọ̀ tó. Ti Carina yín, 0.9 ló wà lórí àtijọ́. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tì yín ra èyí tó ju bẹ́ẹ̀ lọ pé "ó lágbára jù". Tókúnbọ̀ ńkọ́? Mo ń tà á, ṣùgbọ́n èmi ò ní gba Tíṣà nímọ̀ràn pé kó rà á. Ràdíátọ̀ tó ti lo ogún ọdún lábẹ́ ọkọ̀ ẹlòmíràn, ike rẹ̀ ti gbẹ. Ẹ ra tuntun, ẹ ra rọ́bà òkè àti ti ìsàlẹ̀ pẹ̀lú kólíè wọn (òrùka irin tó ń di rọ́bà mọ́ ẹnu ràdíátọ̀) bí àtijọ́ bá ti le tàbí tó wú.

Tíṣà Wandó

Ìyá, mo dúpẹ́. Bí mo bá ti yọ òkú ọ̀hún, inú ọkọ̀ ẹ̀gbọ́n mi ni n óò gbé e sí lọ sọ́jà.

Nọ́ọ̀sì Pọ́bẹ̀

Ẹ jẹ́ kí n dá sí i díẹ̀, iṣẹ́ mi ni. Ẹ MÁ ṢÍ ÌDÉRÍ RÀDÍÁTỌ̀ NÍGBÀ TÓ GBÓNÁ. Omi inú rẹ̀ ti kọjá ibi tí omi orí iná ń hó sí, ìdérí yẹn nìkan ló mú un. Bí ẹ bá ṣí i, gbogbo rẹ̀ yóò tú jáde lẹ́ẹ̀kan náà sí ojú àti àyà. A máa ń gba irú wọn, pàápàá lásìkò ọ̀gbẹlẹ̀, ọ̀pọ̀ nínú wọn jẹ́ àwọn ọmọ ọkọ̀ tí ọ̀gá rán pé kí wọ́n lọ da omi sí i. Bó bá ti ṣẹlẹ̀, omi tútù tó ń ṣàn lórí ibẹ̀ fún ogún ìṣẹ́jú, kí ẹ yọ òrùka àti aago kí ó tó wú. Kì í ṣe epo pupa, kì í ṣe ọṣẹ ìfọyín. Lẹ́yìn náà, ẹ wá sọ́dọ̀ wa.

Bàbá Onígáráàjì Kétu

Olúwa á bùkún fún ọ, ọmọ mi. Àpá kan ń bẹ ní apá òsì mi láti ìgbà tí mo jẹ́ ọmọ iṣẹ́, láti ìgbà tí ọ̀nà Pọ́bẹ̀ sí Kétu ṣì jẹ́ erùpẹ̀ pupa.

Ó dáa, Tíṣà, bí ẹ ṣe máa ṣe é nìyí. Ẹ ṣe é ní àárọ̀, kí ọkọ̀ ti sùn mọ́jú. Ẹ yọ orí bátìrì tó jẹ́ òdì, tó ní àmì ìyọkúrò lára, torí fáànù àwọn ọkọ̀ mìíràn lè yí fúnra rẹ̀ láìtan kọ́kọ́rọ́. Ẹ gbé abọ́ ńlá sábẹ́. Ní ìsàlẹ̀ ràdíátọ̀, ẹ ó rí ike kékeré kan tó dà bíi ìdí ẹ̀rọ omi. Ẹ fi ọwọ́ yí i pẹ̀lẹ́, ó rọrùn láti ṣẹ́. Bí ẹ bá ti ṣí ìdérí òkè, omi á ṣàn kíá.

Rọ́bà ló ń bí ènìyàn nínú jù. Ó ti jókòó síbẹ̀ láti ọdún pípẹ́, ó ti lẹ̀ mọ́ ọn. Gbogbo ẹni tó kọ́kọ́ ṣe é ló máa ń ti irin bọ abẹ́ rẹ̀ láti fi ṣí i, pẹ́kẹ́, ẹnu ràdíátọ̀ ṣẹ́. Lára àtijọ́ kò ṣe nǹkan, ṣùgbọ́n ní ẹ̀gbẹ́ ẹ́ńjìn, ẹ óò sunkún. Ẹ tú kólíè, ẹ fà á sẹ́yìn, ẹ fi ọwọ́ méjèèjì di rọ́bà mú, kí ẹ yí i sọ́tùn-ún sósì bí ẹni ń yí ọmọlangidi lọ́rùn títí á fi gbà. Bí kò bá gbà, tí ẹ sì ti ra tuntun, ẹ fi ọ̀bẹ là á ní òòró. Ẹ má ṣe é ju bó ṣe yẹ lọ, kí ọ̀bẹ má ha irin ẹnu rẹ̀.

Ẹ yọ ẹnu wáyà fáànù, ẹ tú ìdè méjì tó di orí rẹ̀ mú, kílé nọ́ńbà 10 tàbí 12 ló sábà máa ń gbà. Bí ọkọ̀ bá ní amúlétutù, ẹ ó rí ohun mìíràn tó dà bí ràdíátọ̀ níwájú tirẹ̀. Ẹ má fọwọ́ kan ọ̀pá rẹ̀, gáàsì ló wà nínú rẹ̀. Ẹ ṣáà tú u kúrò lára ràdíátọ̀ bó bá so mọ́ ọn, kí ẹ fi okùn gbé e kọ́. Ẹ gbé ràdíátọ̀ àti fáànù jáde pọ̀, tààrà sókè. Rọ́bà kékeré méjì tó jókòó lé nísàlẹ̀, ẹ kó wọn pamọ́ sápò. Ìgbà tí mo bá gbé ọmọ iṣẹ́ sí i, àwọn ló máa ń sọ nù.

Ẹ wọ tuntun bí ẹ ṣe yọ àtijọ́. Ẹ má fi àtẹ́lẹwọ́ ti àárín rẹ̀, alumíníọ̀mù yẹn rọ̀ bí páálí. Ẹ fi omi ọṣẹ díẹ̀ pa inú rọ́bà kó lè wọlé. Kólíè, ẹ dì í kó le, kì í ṣe kó jẹ rọ́bà.

Ọmọ Ìfọ̀ńyìn

Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, mo tún fẹ́ sọ̀rọ̀. Bí Tíṣà bá ti tú u, kí wọ́n yọ tẹmọ́sítàtì dànù. Òyìnbó ló nílò rẹ̀ nítorí yìnyín. Ilẹ̀ tiwa gbóná tẹ́lẹ̀. Gbogbo mẹkáníìkì ní ìhà ọ̀dọ̀ wa ló ń yọ ọ́.

Bàbá Onígáráàjì Kétu

Gbogbo wọn ń ṣe é, mo mọ̀. Èmi náà ṣe é fún ọdún mẹ́wàá kí ọ̀gá kan tó fi ojú mi mọ̀ ọ́n. Tẹmọ́sítàtì ni aṣọ́bodè. Bí ẹ́ńjìn bá tutù, á ti ilẹ̀kùn, kí omi má lọ sí ràdíátọ̀ títí yóò fi gbóná tó bó ṣe yẹ. Ti Toyota máa ń bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí ní nǹkan bí 82°C. Bí kò bá sí níbẹ̀, ẹ́ńjìn á máa ṣiṣẹ́ nínú òtútù, bẹ́ńsíìnì á pọ̀ lẹ́nu rẹ̀, ara rẹ̀ á tètè jẹ. Èyí tó burú jù: nínú ẹ́ńjìn mìíràn, bó bá ṣí, ó ń ti ọ̀nà ẹ̀yìn kan pa. Bí ẹ bá yọ ọ́ kúrò, ọ̀nà ẹ̀yìn yẹn kò ní tì mọ́, omi kan á kàn máa yí ká ẹ́ńjìn láìdé ràdíátọ̀. Ohun tí ẹ yọ kí ọkọ̀ má bàa gbóná ni yóò mú un gbóná.

Ọmọ Ìfọ̀ńyìn

Hàà. Mo gbà, Bàbá. Mo lọ wo tèmi.

Tíṣà Wandó

Ẹ ò ní gbàgbọ́ o. Mo ṣí ilé tẹmọ́sítàtì lọ́sàn-án yìí. ÒFÌFO. Kò sí nǹkan níbẹ̀! Èmi ò yọ ọ́, ó ní láti jẹ́ pé ẹnì kan ti yọ ọ́ kí n tó ra ọkọ̀ náà. Mo ti ra tuntun. Kí n tó wọ̀ ọ́, mo fẹ́ mọ̀ bóyá ó dára. Mo so okùn mọ́ ọn, mo rì í sínú ìkòkò omi lórí iná (ìyàwó mi ní ìkòkò ọbẹ̀ kọ́ ni n óò lò, ó fún mi ní agolo wàrà). Kí omi tó hó, mo rí i tí ẹnu rẹ̀ ń yà díẹ̀díẹ̀, bí ojú ẹni tó ń jí lójú oorun. Àwọn ọmọ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta dúró yí agolo ká. Mo jẹ́ kó tutù, ó padé.

Bàbá Onígáráàjì Kétu

Ó dára. Ihò kékeré kan wà lójú rẹ̀ tí nǹkan bí orí ìṣó ń mì níbẹ̀. Òkè ni kí ẹ kọ ọ́ sí, afẹ́fẹ́ ló ń gbabẹ̀ jáde.

Ọmọ Ṣábẹ̀ẹ́

Ẹ kú ìjíròrò. Èmi ń kó kajú àti iṣu láti Ṣábẹ̀ẹ́ wá sí Kutọnu, ọ̀rọ̀ ìgbóná ọkọ̀, ẹ máa bi mí. Bí àkókò òjò bá ń parí lọ, koríko etí ọ̀nà a máa gbó, irúgbìn rẹ̀ tó dà bí òwú ń fò, ó ń wọ àárín ràdíátọ̀ àti ti amúlétutù níwájú, á tẹ́ bí ẹní. Eṣinṣin àti labalábá náà wà níbẹ̀. Ènìyàn á wo ojú rẹ̀ níwájú, ó mọ́ díẹ̀. Ẹ yọ ọ́, kí ẹ wo àárín wọn, ẹ óò rí òwú. Bí ẹ bá fẹ́ fọ̀ ọ́, ẹ fi omi pẹ̀lẹ́ láti ẹ̀yìn, láti ìhà ẹ́ńjìn, kí ìdọ̀tí lè padà sí ibi tó gbà wọlé. Àwọn tó ń fọ ọkọ̀ pẹ̀lú ẹ̀rọ olómi líle yẹn, ẹ má jẹ́ kí wọ́n dojú rẹ̀ kọ ọ́, ó ń tẹ àwọn abala wẹ́wẹ́ rẹ̀ pa, afẹ́fẹ́ ò ní rí ọ̀nà kọjá mọ́.

Bí abẹ́rẹ́ bá bẹ̀rẹ̀ sí í gòkè lórí òkè tí ẹrù wúwo, ẹ pa amúlétutù, kí ẹ ṣí afẹ́fẹ́ gbígbóná dé òpin. Bẹ́ẹ̀ ni, nínú oòrùn Ṣábẹ̀ẹ́. Ràdíátọ̀ kékeré kejì ni ìyẹn, inú ọkọ̀ ló ń da ooru sí. Ẹ ó làágùn bí ẹni tó ń jó eégún, ṣùgbọ́n ẹ ó fi dé ibi tí ẹ lè dúró sí. Bí kò bá sọ̀kalẹ̀ láìpẹ́, ẹ dúró, ẹ pa ẹ́ńjìn.

Ìbéèrè mi ni: omi wo lẹ fẹ́ dà sí i?

Tíṣà Wandó

Omi kànga ni mo ń dà sí i láti ọjọ́ yìí wá. Ó mọ́, a tilẹ̀ ń mu ún.

Ọmọ Ṣábẹ̀ẹ́

Hẹ̀-ẹ̀n, mo mọ̀ ọ́n.

Ìyá Onípíẹ̀sì

Tíṣà, ẹ lọ wo ìdí kẹ́tù tí ẹ fi ń ṣe tíì. Ohun funfun tó lẹ̀ mọ́ inú rẹ̀ yẹn, ohun tó wà nínú omi kànga ni. Nínú ràdíátọ̀, ihò ibẹ̀ tẹ́ẹ́rẹ́ bí ìdí abẹ́rẹ́ ìránṣọ, níbẹ̀ ló ń lẹ̀ mọ́. Omi tí wọ́n ń ta nínú ọ̀rá náà, ó dára fún ẹnu, kì í ṣe fún ẹ́ńjìn. Omi bátìrì tó jẹ́ omi aláìníyọ̀ ni kí ẹ rà, ẹ pò ó mọ́ likídì (oògùn ràdíátọ̀ tí a ń pò mọ́ omi), ìdajì-ìdajì. Ẹ wo ara ike likídì dáadáa: òmíràn ti pò tán, ẹ kò gbọ́dọ̀ fi omi kún un mọ́, òmíràn le, ẹ ní láti pò ó. Àwọ̀ kì í ṣe òfin o. Àwọ̀ ewé ti ilé iṣẹ́ kan lè má bá àwọ̀ ewé ti òmíràn mu, torí náà ẹ fọ ti àtijọ́ dànù kí ẹ tó dà tuntun sí i.

Ọmọ Ìfọ̀ńyìn

Ìyá, yìnyín kò sí ní Àjàṣẹ́, kí la fẹ́ fi oògùn yìnyín ṣe? (Mi ò bá yín jà o, mo ń béèrè ni.)

Bàbá Onígáráàjì Kétu

Ìbéèrè dára. Yìnyín ni wọ́n kọ sára ike, ṣùgbọ́n iṣẹ́ mìíràn méjì ló ń ṣe fún wa. Kì í jẹ́ kí alumíníọ̀mù àti irin inú ẹ́ńjìn jẹ. Èkejì, omi lásán ń hó ní 100°C níbi tí a wà yìí. Bí a bá po likídì mọ́ ọn ní ìdajì, ó di nǹkan bíi 107°C, ìdérí tó ń di agbára mọ́nú sì tún gbé e kọjá 120°C. Àyè yẹn ló máa ń gba ọkọ̀ là nínú sún-kẹẹrẹ Kutọnu.

Nọ́ọ̀sì Pọ́bẹ̀

Èmi tún ni. Likídì àtijọ́ tí ẹ dà sínú abọ́, ẹ má gbé e sílẹ̀ ní àgbàlá. Ohun tó wà nínú rẹ̀, ethylene glycol, dùn lẹ́nu, májèlé sì ni, ó ń ba kíndìnrín jẹ́. Ewúrẹ́ á mu ún, ajá á mu ún, ọmọ kékeré á tọ́ ọ wò. Ẹ dà á sínú kẹ́ẹ̀gì tó ní ìdérí, ẹ kọ ọ́ sára rẹ̀, kí ẹ gbé e jìnnà sí kànga.

Tíṣà Wandó

Nọ́ọ̀sì, ẹ ṣeun tí ẹ sọ ọ́. Omi kànga ló pọ̀ jù nínú tèmi, ṣùgbọ́n ewúrẹ́ ìyá onílé ti ń fi ẹnu kan abọ́ nígbà tí mo yí ojú padà. Mo lé e. Abọ́ ti di kẹ́ẹ̀gì.

Mo bẹ̀rẹ̀ ní aago méje òwúrọ̀ àná. Kò tó wákàtí kan tí mo fi yọ ọ́, rọ́bà ìsàlẹ̀ ló gba ìdajì rẹ̀. Mo gé e. Nígbà tí mo da ràdíátọ̀ àtijọ́ délẹ̀, ohun tó jáde nínú rẹ̀ kò jọ omi: ẹrẹ̀ pupa, bí ìgbà tí wọ́n fọ ìkòkò amọ̀. Mo fọ inú ẹ́ńjìn pẹ̀lú omi tó mọ́ lẹ́ẹ̀mẹrin kí àwọ̀ rẹ̀ tó funfun. Ohun tí mo kọ̀ láti náwó sí fún ọdún méjì ni mo rí nínú abọ́ yẹn. Tuntun wọlé láìjà. Níbo ni mo ti fẹ́ da omi sí i báyìí, ṣé kí n kàn kún un?

Bàbá Onígáráàjì Kétu

Rárá o, ibí yìí ni ọ̀pọ̀ ti ń bàjẹ́. Afẹ́fẹ́ á há sínú ẹ́ńjìn. Ẹ gbé imú ọkọ̀ sókè díẹ̀, ẹ tì í gun ibi tó ga tàbí ẹ gbé táyà iwájú lé pákó tó le, kí ẹ fi òkúta dí táyà ẹ̀yìn. Ẹ yí bọ́tìnnì afẹ́fẹ́ sí gbígbóná pátápátá (mo mọ̀ pé ẹnikẹ́ni ò lò ó rí ní Àjàṣẹ́). Ẹ da likídì sí i díẹ̀díẹ̀, bí ẹni ń da epo sínú ìgò, kí ẹ máa fi ọwọ́ tẹ rọ́bà òkè, ẹ óò gbọ́ ọ tó ń sọ gbùlù-gbùlù. Nígbà tó bá dúró, ẹ tan ẹ́ńjìn, ìdérí ṣì wà ní ṣíṣí, ẹ má fẹsẹ̀ tẹ iná ọkọ̀. Yóò máa fọ́ ìfọ́fọ̀ò, omi yóò lọ sílẹ̀, ẹ fi kún un. Nígbà tí tẹmọ́sítàtì bá ṣí, rọ́bà méjèèjì á gbóná, omi á lọ sílẹ̀ lójijì. Ẹ fi kún un lẹ́ẹ̀kan sí i. Ẹ dúró títí fáànù yóò fi yí fúnra rẹ̀, kó sì dúró. Ó gbọ́dọ̀ yí o! Bí kò bá yí, ẹ pa á. Nígbà náà ni kí ẹ dé ìdérí, kí ẹ kún ike ẹ̀gbẹ́ (èyí tó ń gba àkúnwọ́sílẹ̀ omi ràdíátọ̀) dé àárín ìlà méjèèjì. Gbogbo rẹ̀, tó bíi lítà márùn-ún sí mẹ́fà. Bó bá jẹ́ pé lítà mẹ́ta péré ló gbà, afẹ́fẹ́ ṣì wà níbẹ̀.

Ẹni tó bá ní Peugeot 406, tiyín ní ìdè kékeré tí wọ́n fi ń jẹ́ kí afẹ́fẹ́ jáde lára rọ́bà. Ẹ wá a, ẹ tú u díẹ̀ títí omi á fi jáde láìsí ìfọ́fọ̀ò.

Tíṣà Wandó

Ó gba lítà márùn-ún àti àbọ̀. Nígbà tí fáànù yí fúnra rẹ̀, mo pàtẹ́wọ́ bí ọmọdé. Ní alẹ́, mo tẹ́ páálí funfun sábẹ́ rẹ̀. Láàárọ̀ yìí, ẹ̀kán méjì péré ló wà lórí rẹ̀, lábẹ́ rọ́bà ìsàlẹ̀. Mo fi kún ìdì kólíè ní ìlàjì yíyí, mo sì fi likídì díẹ̀ kún un nígbà tó tutù.

Bàbá Onígáráàjì Kétu

Ẹ tún páálí tẹ́ lálẹ́ òní.

Tíṣà Wandó

Ọjọ́ márùn-ún ti kọjá. Mo lọ Kutọnu lánàá, mo padà ní aago mẹ́fà àṣálẹ́, nígbà tí ọ̀nà Sẹ̀mẹ̀ há débi pé a jókòó síbẹ̀ fún ogójì ìṣẹ́jú. Mi ò yé wo abẹ́rẹ́. Ó gòkè dé àárín, mo gbọ́ fáànù tó bẹ̀rẹ̀, ó sọ̀kalẹ̀. Ìgbà mẹ́ta. Páálí gbẹ.

Ẹnì kan tún béèrè lórí fóònù bóyá òun lè ra ràdíátọ̀ àtijọ́ náà. Onírin àlòkù ti gbé e lọ láàárọ̀ òní. Kò jẹ́ kí n yọ ìdérí rẹ̀, ó ní irin ni òun ń wọ̀n, kí n fi gbogbo rẹ̀ sílẹ̀.